Iye Ìgbà Tí Mo Kú Kí Màámi Tó Mọ̀

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ mí kanlẹ̀ ná. Láti ọjọ́ Sátidé tí ọ̀rọ̀ yìí ti ṣẹlẹ̀, ara mi ò tíì balẹ̀. Tèmi, ọmọ ọmọ mi, ní àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wa ní Peckham, ní Lọ́ńdọ̀nù níbí, ń bi òun bóyá èèyàn lè fi eré fíìmù jẹun títí yóò fi fẹ̀yìn tì, pé kí n kọ ọ́ sílẹ̀ fún wọn. Mo ní ó dáa. Ẹ̀yin ọmọ, èèyàn lè fi jẹun. Èmi fi jẹun fún ọdún méjìdínlógójì. Ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ohun tí mo ń ṣe tí mo fi ń jẹun.

Kíkú ni. Wọ́n yìnbọn pa mí, wọ́n gún mi lọ́bẹ, odò gbé mi lọ, iná jó mi, wọ́n tì mí látorí òkè ilé, ẹranko inú òkun pa mí, èmi náà sì di ẹranko inú òkun kí wọ́n lè rí nǹkan pa. Fíìmù adẹ́rùbani ni, fíìmù òkú tó jí dìde, fíìmù àwọn ará ojú ọ̀run. Ẹ ti rí mi o. Ẹ ò kàn mọ̀ pé èmi ni, torí inú ìbòjú rọ́bà ni mo máa ń wà.

Dúrójayé lorúkọ mi. Màámi ló fún mi lórúkọ yẹn, ẹ̀bẹ̀ ni wọ́n fi bẹ̀ mí. Ọmọ mẹ́ta ni wọ́n ti bí ṣáájú mi, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló kú mọ́ wọn lọ́wọ́, kò sí èyí tó pé ọdún méjì nínú wọn. Nígbà tí èmi dé, wọ́n ní kí n jọ̀ọ́, kí n dúró. Mo dúró. Wọn ò sì bí òmíràn mọ́ lẹ́yìn mi.

Mo rántí ọjọ́ kan ní Ṣàgámù, n kò lè ju ọmọ ọdún méje lọ. Èmi àtàwọn ọmọ àdúgbò ń ṣeré ológun ní ẹ̀yìnkùlé wa. Wọ́n fi igi yìnbọn fún mi, mo ṣubú, mo la ojú sílẹ̀ gbagada, mi ò mí. Àwọn yòókù sá lọ. Ìgbà náà ni Màámi ti odò dé. Wọn ò pariwo. Wọ́n rọra sọ garawa omi kalẹ̀, wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú gèlè orí wọn, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ọjọ́ náà ń bọ̀. Mo bú sẹ́rìn-ín, mo fò dìde. Háà! Ìyà tí mo jẹ lọ́jọ́ yẹn! Wọ́n nà mí, wọ́n ń sunkún, wọ́n tún nà mí. Àpá tó wà lókè ìpéǹpéjú mi yìí, ọjọ́ yẹn ni mo gbà á. Nígbà tó rẹ̀ wọ́n, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì di orí mi mú.

"Dúrójayé, o ò gbọdọ̀ kú lójú mi. Eré ni o, òótọ́ ni o, o ò gbọdọ̀ kú lójú mi. Ṣé o gbọ́?"

"Mo gbọ́, mà."

Mo ṣèlérí. Ẹ wá wo irú iṣẹ́ tí mo lọ kọ́!

Bí mo ṣe dé Lọ́ńdọ̀nù kò ní ìtàn nínú. Ìwé ni mo wá kà, ìwé ò lọ, mo gba iṣẹ́ ìmọ́tótó níbi kan tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Ibẹ̀ ni mo ti pàdé ọ̀gá mi. Ará Japan ni wọ́n, Sawano lorúkọ ìdílé wọn. Wọ́n ti ṣe fíìmù fún bí ogún ọdún nílùú wọn kí wọ́n tó wá sí ìlú òyìnbó: iwin, jagunjagun olójú kan, ìránṣẹ́ ọ̀daràn, ẹranko abàmì tó ń fẹsẹ̀ tẹ ilé mọ́lẹ̀. Nígbà tí wọ́n dé Lọ́ńdọ̀nù, iṣẹ́ yẹn kan náà ni. Orúkọ wọn kì í sí lára pátákó. Irú òṣèré tí ẹ máa rí ni wọ́n, tí ẹ ó ní, "Ojú bàbá yìí ò ṣàjèjì sí mi o," ẹ ò sì ní mọ orúkọ wọn láéláé. Orúnkún wọn ti ń yọ wọ́n lẹ́nu lásìkò yẹn, wọ́n sì ń wá ẹni gíga tí wọn ó kọ́ bí a ṣe ń wọ aṣọ ẹranko. Wọ́n rí mi tí mo gbé garawa omi méjì gba ọ̀dẹ̀dẹ̀ kọjá, omi ò ta sílẹ̀.

"Ìwọ," wọ́n ní. "Padà. Tún un rìn."

Mo tún un rìn. Bí mo ṣe gbaṣẹ́ nìyẹn.

Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí mo lọ kí wọn nílé, ní Kennington, lórí àjà kẹta ilé káńsù kan, nǹkan ìtìjú ṣẹlẹ̀. Wọ́n ṣílẹ̀kùn, mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja bí wọ́n ṣe kọ́ mi nílé. Mi ò mọ̀ pé wíwólẹ̀ ni wọ́n fi ń kí èèyàn nílùú tiwọn náà. Kí n gbójú sókè, mo rí bàbá àgbàlagbà lórí ìkúnlẹ̀, iwájú orí wọn kan ilẹ̀. Yéè! Àgbàlagbà ń wólẹ̀ fún mi! Mo tún fi àyà lẹ ilẹ̀. Wọ́n rí i pé mi ò dìde, àwọn náà ò dìde. Èmi ò lè dìde ṣáájú àgbà, àwọn ò lè dìde ṣáájú àlejò. A wà níbẹ̀! Obìnrin òyìnbó tó ń gbé òdìkejì jáde pẹ̀lú báàgì ọjà, ó dúró, ó ní, "Kí lẹ sọ nù? Ṣé kí n bá yín wá a?" Ẹ̀rín ló gbé àwa méjèèjì dìde lọ́jọ́ náà.

Ẹ má rò pé ẹ̀rín ni mo bá níbẹ̀ lẹ́yìn ìyẹn o. Ọdún kan gbáko ni mo lò kí wọ́n tó jẹ́ kí n fọwọ́ kan aṣọ ẹranko. Báàgì wọn ni mo ń gbé. Wọ́n á rẹ kúbùsù sómi, wọ́n á dà á bò mí, wọ́n á ní kí n máa gun àtẹ̀gùn àjà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ, kí n máa gùn ún bọ̀, torí aṣọ ẹranko wúwo jù bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n á ní kí n fi páìpù tíńtín mí fún wákàtí kan, kí n má ya ẹnu. Bí mo bá ráhùn, a ó tún bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Ìṣubú nìkan, oríṣi méje ni wọ́n kọ́ mi. Bí mo bá ṣubú gbì, wọ́n á ní, "Àpò ìrẹsì ló ṣubú yẹn. Èèyàn dà?"

Ìṣubú kẹta ni wọ́n fẹ́ràn jù. Kò sí òṣèré mìíràn tí mo rí tó ń ṣe é. Orúnkún á kọ́kọ́ yẹ̀, ọwọ́ òsì á nà síwájú bí ẹni fẹ́ gba nǹkan, orí á wá yí sọ́tùn-ún kẹ́yìn. Mo ní, "Ọ̀gá, nílé wa, ọwọ́ òsì kọ́ la fi ń gba nǹkan." Wọ́n wò mí títí. "Ẹni tó ń kú," wọ́n ní, "ṣé ó ráyè ẹ̀kọ́ ilé?" Mo fi ọwọ́ òsì ṣe é.

Fíìmù àkọ́kọ́ tí mo bá wọn lọ, ìránṣẹ́ ẹlẹ́mìí burúkú kan tó ń mu ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n ṣe, inú pósí ni wọ́n sì kú sí. Láàárọ̀ ọjọ́ náà wọ́n ti sọ fún mi pé, "Bí mo bá kú tán, tí dáréktọ̀ ní ó tó, kí o wá pe orúkọ mi. Mi ò ní dìde àfi tí mo bá gbọ́ ọ." Mo ní mo ti gbọ́. Dáréktọ̀ ní ó tó, wọ́n pa àwọn iná ńlá. Mo tẹ̀ síbi pósí, mo ní, "Ọ̀gá." Wọn ò mira. Mo ní, "Daddy Sawano, ẹ dákun." Wọn ò mira. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo pe "sà" lẹ́ẹ̀mejì. Kò sí nǹkan kan. Obìnrin tó ń kun òṣèré lójú ti ń wo aago ọwọ́ rẹ̀.

Ó wá yé mi pé orúkọ àbísọ wọn gan-an ni wọ́n ń retí. Èmi ọmọ Ṣàgámù, kí n la ẹnu pe ẹni tó ju bàbá mi lọ lórúkọ, láìfi nǹkan kan síwájú rẹ̀? Mo wo ọ̀tún, mo wo òsì, bóyá Yorùbá kan wà níbẹ̀ tó máa lọ ròyìn mi nílé. Kò sí. Mo dijú.

"Eikichi," mo wí, ohùn mi ò jáde dáadáa.

Ojú kan là nínú pósí. "Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta," wọ́n ní. "Kí o sì pariwo."

Mo pariwo ẹ̀ẹ̀mẹ́ta. Wọ́n jẹ́ "Hài!" lédè wọn bí ọmọ ilé ìwé, wọ́n dìde jókòó. Èmi ni ara mi ń gbọ̀n bí ẹni pé èmi ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ jí! Nínú bọ́ọ̀sì láti Elephant and Castle lọ sí Kennington, wọ́n bi mí pé kí lorúkọ tí ìyá mi ń pè mí, kì í ṣe èyí tí wọ́n ń pè mí níbi iṣẹ́. Mo sọ ọ́. Wọ́n ń tún un pè títí a fi sọ̀ kalẹ̀: "Du-ro-ja-ye. Du-ro-ja-ye." Láti ìgbà náà, kò sí ikú kan tí mo kú níwájú kámẹ́rà tí wọn ò ní dúró lé mi lórí, kí wọ́n pè mí lẹ́ẹ̀mẹ́ta, kí n jẹ́, kí n tó dìde. Mo rò pé ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn ìlú wọn ni. Mi ò bi wọ́n, èmi kàn ń jẹ́ tèmi.

Nígbà tí bàbá mi kú ní Ṣàgámù, èmi àti ìyàwó mi mú Màámi wá sí Peckham. Wọn ò tíì lo ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n fi bi mí.

"Dúrójayé, iṣẹ́ wo lò ń ṣe gan-an?"

Ìyàwó mi yára bọ́ sí kíṣìnì.

"Aṣọ fíìmù ni mo ń bójú tó, Màámi."

Kì í kúkú ṣe irọ́ tán. Láti inú rẹ̀ ni mo ti ń bójú tó o. Màámi dé ìjọ, wọ́n ń fọ́nnu fún gbogbo èèyàn pé ọmọ àwọn ń ránṣọ fún àwọn òyìnbó onífíìmù. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, àwọn ìyá ìjọ ti ń kó sùtánà tó ya wá sílé mi! Ẹnu mi ò lè padé. Èmi tí mi ò lè ki òwú bọ abẹ́rẹ́! Mo lọ ra maṣíìnì ìránṣọ ní ọjà Rye Lane, mo ń kọ́ ìránṣọ níkọ̀kọ̀ nínú yàrá, ìyàwó mi ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Bí ẹ bá wọ sùtánà lọ sí ìjọ wa lónìí, ẹ yẹ etí rẹ̀ wò, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ọwọ́ mi ló ṣẹ́ ẹ.

Ohun tó ń fi mí lọ́kàn balẹ̀ ni ìbòjú. Níwọ̀n ìgbà tí ojú mi ò bá ti hàn, mo ní mi ò tíì kú lójú Màámi. Ẹ̀ẹ̀kan, wọ́n gbé ipa ńlá kan wá bá mi. Ojú mi gan-an ló máa hàn, orúkọ mi á wà lára pátákó, ìdajì fíìmù ni mo máa fi sọ̀rọ̀ kí n tó kú níparí. Mo kà á tán, omi bọ́ lójú mi, torí ó dùn. Mo ní mi ò ṣe. Ọ̀gá mi bi mí ìdí rẹ̀, mo sọ fún wọn nípa Ṣàgámù, nípa gèlè tí Màámi ń tú. Wọ́n fọwọ́ ara wọn bu tíì sí ife mi, ohun tí wọn ò ṣe fún mi rí.

Ẹ gbọ́ ti jàǹbá náà báyìí. Ẹranko inú òkun ni mo jẹ́ lọ́dún yẹn. Aṣọ rẹ̀ wúwo bí àpò sìmẹ́ǹtì, ẹ̀yìn ni síìpù rẹ̀ wà, ẹni tó wọ̀ ọ́ ò lè bọ́ ọ fúnra rẹ̀. Inú omi ni mo ti máa jáde, wọ́n á yìnbọn fún mi, mo máa kú sórí iyanrìn. Páìpù tí mo fi ń mí já nínú omi. Mo jáde, mi ò rí afẹ́fẹ́ fà sínú. Mo gbé ọwọ́ méjèèjì sókè pé kí wọ́n gbà mí, wọ́n yìnbọn fún mi, torí bẹ́ẹ̀ ló wà nínú ìwé eré. Mo ṣubú. Mo ń fi ẹsẹ̀ janlẹ̀. Ohun tí mo gbọ́ kẹ́yìn ni àtẹ́wọ́. Dáréktọ̀ ń pariwo pé òun ò rí ikú tó dáa tó bẹ́ẹ̀ rí.

Ohun tó kù, ẹnu àwọn tó wà níbẹ̀ ni mo ti gbọ́ ọ. Ọ̀gá mi dìde lórí àga wọn, wọ́n fa orúnkún wọn wá sórí iyanrìn, wọ́n pè mí. "Dúrójayé!" Mi ò jẹ́. "Dúrójayé!" Mi ò jẹ́. Wọ́n pe ẹ̀kẹta, mi ò jẹ́. Wọ́n já ọ̀bẹ gbà lọ́wọ́ káfíńtà kan, wọ́n ya aṣọ náà láti ọrùn dé ìdí. Dáréktọ̀ figbe ta, aṣọ tí èèyàn mẹ́jọ fi oṣù mẹ́rin ṣe! Nígbà tí wọ́n fa èmi gan-an jáde, tí ètè mi ti dúdú, tí mo ń bi omi, igbe náà dá. Wọ́n ní àwọn kan ò tíì sọ ọwọ́ tí wọ́n fi ń pàtẹ́wọ́ kalẹ̀.

Ní ọsibítù, ọ̀gá mi jókòó tì mí. Mo ní, "Ọ̀gá, ẹ ṣé, ẹ̀sìn yín ló gbà mí là."

"Ẹ̀sìn wo?" wọ́n ní.

"Ti orúkọ tí ẹ máa ń pè."

Wọ́n mi orí. Wọ́n ní ẹnìkan wà tí àwọn jọ kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ ọ̀gá kan ní Japan. Inú aṣọ ẹranko bẹ́ẹ̀ ló kú sí, ní ojúmọmọ, lójú gbogbo wọn. Gbogbo wọn rò pé eré ni. "Èmi náà pàtẹ́wọ́," wọ́n ní. Wọ́n tẹ́ ọwọ́ wọn méjèèjì sórí ibùsùn mi, wọ́n ń wò ó. "Ọwọ́ yìí náà."

Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá yé mi ni. Ní gbogbo ọdún yẹn, wọ́n kàn fẹ́ mọ̀ bóyá mo ṣì ń mí ni. Mo délé, mo sọ fún Màámi pé òtútù ló mú mi. Wọ́n fi òróró àdúrà ra mí láyà, wọ́n ní kí n máa wọ síwẹ́tà lọ síbi tí mo ti ń ránṣọ.

Ọdún díẹ̀ lẹ́yìn náà, ọ̀gá mi kú, lórí ibùsùn, ikú gidi. Mo dúró lé wọn lórí, mo pè wọ́n. Mo pe "Eikichi" lẹ́ẹ̀mẹ́ta, mo sì pariwo bí wọ́n ṣe kọ́ mi. Nọ́ọ̀sì sáré wọlé. Mo ṣì ń retí "Hài" yẹn nígbà tó fi aṣọ bò wọ́n lójú. Ẹ̀yin èèyàn mi, ó yà mí lẹ́nu pé wọn ò dá mi lóhùn. Títí dòní ló ń yà mí lẹ́nu.

Láti ìgbà yẹn, kò sẹ́ni tó ń pè mí níbi iṣẹ́ mọ́. Àwọn ọmọdé tó kù ń pè mí ní Uncle, òyìnbó ń pè mí ní "sà". Nílé, Daddy Bọ́lá ni, Grandpa ni. Nínú gbogbo Lọ́ńdọ̀nù, ẹnìkan ṣoṣo ló kù tó ń pè mí ní Dúrójayé ṣánṣán, Màámi ni, àwọn gan-an ni wọn ò sì gbọdọ̀ mọ̀. Bí mo bá kú tán nínú fíìmù, èmi fúnra mi ni mò ń pe ara mi nínú ìbòjú, èmi náà ni mò ń jẹ́.

Iṣẹ́ wá yí padà. Rọ́bà lọ, fóòmù dé. Fóòmù lọ, wọ́n ní kí n wọ aṣọ tó fún mọ́ra tó ní àmì tótòtó, kí n máa bẹ̀rù bọ́ọ̀lù kan tí wọ́n so mọ́ orí igi, pé kọ̀ǹpútà á sọ ọ́ di ẹranko tó bá yá. Èmi ń sá fún bọ́ọ̀lù! Iṣẹ́ tí mo ṣe kẹ́yìn, inú yàrá roboto kan ni, kámẹ́rà yí mi ká látòkè dé ilẹ̀. Kò sí ìbòjú. Wọ́n ní kí n rẹ́rìn-ín, kí n sunkún, kí n ṣubú ní oríṣi méjèèje. Mo ní, "Fíìmù wo ni?" Ọmọbìnrin tó ń ṣe kọ̀ǹpútà ní kò tíì sí fíìmù, àwọn kàn fẹ́ tọ́jú mi pamọ́ ni. Ó gbé ìwé kan sí mi níwájú, lórí gíláàsì kọ̀ǹpútà pẹlẹbẹ kan, ó ní kí n fi ìka kọ orúkọ mi. Mi ò kà á. Èmi tí mo fi ojú mi pamọ́ fún gbogbo ọdún yẹn, ìka mi yìí náà ni mo fi fún wọn! Mo fẹ̀yìn tì lóṣù tó tẹ̀ lé e, inú mi ń dùn pé mo ti bọ́, pé Màámi ò mọ̀.

A wá dé ọjọ́ Sátidé.

Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣiṣẹ́ abẹ ojú fún Màámi. Wọ́n ti lé ní àádọ́rùn-ún ọdún báyìí, ojú wọn sì ń ríran ju tèmi lọ. Wọ́n ní níwọ̀n ìgbà tí ojú ti là, àwọn fẹ́ rí aṣọ tí ọmọ àwọn fi gbogbo ayé rẹ̀ rán. Mo ṣe àwáwí títí, wọn ò gbà, wọn ò gbọ́. Tèmi ní ilé iṣẹ́ tí mo bá ṣiṣẹ́ kẹ́yìn ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé fíìmù kan jáde, àwọn sójà tí ọkọ̀ wọn há sí ojú ọ̀run. Mo rò ó wò. Mi ò ṣe fíìmù sójà kankan fún wọn. Mo ní ẹ jẹ́ ká lọ. A wọ ilé sinimá ní Peckham ní ọ̀sán, Màámi jókòó sáàárín èmi àti Tèmi, gúgúrú wà lẹ́sẹ̀ wọn.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Sójà kan wọlé, ó kẹ̀yìn sí wa.

"Èwo lo rán níbẹ̀?" Màámi bi mí.

"Ti sójà yẹn, Màámi." Mo kàn nawọ́ sí i ni o.

Sójà náà yíjú. Èmi ni.

Mo gbé! Kì í ṣe ẹni tó jọ mí. Èmi ni, èmi ẹni ọgbọ̀n ọdún, àpá Ṣàgámù wà lókè ìpéǹpéjú mi, ohùn tí kì í ṣe tèmi ń ti ẹnu mi jáde. Mo fẹ́ fọwọ́ bo Màámi lójú, ọwọ́ mi ò gbé. Kí n tó mọ ohun tí mo máa ṣe, nǹkan dúdú kan ti jáde lára ògiri, ó gún sójà náà láyà. Orúnkún rẹ̀ yẹ̀. Ọwọ́ òsì rẹ̀ nà síwájú. Orí rẹ̀ yí sọ́tùn-ún. Ìṣubú kẹta! Èèyàn méjì péré ló mọ̀ ọ́n ṣe, ọ̀kan ti kú, ọ̀kan jókòó lórí àga. Kámẹ́rà sún mọ́ ojú mi, ojú mi là sílẹ̀ gbagada. Mò ń wo òkú ara mi, mi ò sì rántí ìgbà tí mo kú ikú yẹn.

Mo wá gbọ́ ìró aṣọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Màámi ń tú gèlè wọn, díẹ̀díẹ̀.

Ní Ṣàgámù, wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí, wọ́n dìde.

"Dúrójayé!"

Gbogbo ilé sinimá yíjú. Tèmi di apá wọn mú. "Grandma, ẹ jọ̀ọ́, it's just film, kì í ṣe real!"

"Dúrójayé!"

Ẹnìkan lẹ́yìn ní kí wọ́n dákẹ́. Wọn ò gbọ́.

"Dúrójayé o!"

Bí wọ́n ṣe pe ẹ̀kẹta, nǹkan kan já nínú mi. Mo dìde dúró, mo pariwo bí ọmọ ilé ìwé. "Mà! Màámi, èmi rèé! Mo wà níbí!"

Wọ́n yíjú. Wọ́n wo òkú tó wà lójú ògiri, wọ́n wo èmi. Wọ́n fi ọwọ́ kan ojú mi, wọ́n fọwọ́ lé àyà mi, wọ́n fi í síbẹ̀ títí wọ́n fi gbọ́ pé ó ń lù. Ìgbà náà ni wọ́n fọ́ mi létí. Èmi ẹni ọdún méjìdínláàdọ́rin, lójú ọmọ ọmọ mi!

"Oh my days," Tèmi wí.

Ibi tí a ti ń dúró de bọ́ọ̀sì ní Rye Lane la jókòó sí. Màámi ò dá gèlè padà sórí, wọ́n gbé e lé itan.

"Ó tó ìgbà mélòó?"

"Mi ò kà á, Màámi."

"Ìwọ tí mo bẹ̀."

"Ẹ dárí jì mí, Màámi."

"Aṣọ tó o ní ò ń rán ńkọ́?"

"Mo rán ti ìjọ, mà."

Bọ́ọ̀sì wa dé, kò sẹ́ni tó dìde. Ó lọ.

"Ta ló ń jí ọ?" wọ́n bi mí.

"Mà?"

"Gbogbo ìgbà tó o kú yẹn. Ta ló ń pè ọ́ tó o fi ń dìde?"

Mo sọ fún wọn nípa Sawano. Mo sọ ti pósí, mo sọ ti ọ̀bẹ káfíńtà àti omi tí mo bì, mi ò fi nǹkan kan pamọ́ mọ́. Mo sọ pé láti ìgbà tí wọ́n ti kú, kò sẹ́ni tó ń pè mí, pé èmi ni mò ń pe ara mi. Màámi dijú. Mo rò pé inú ló ń bí wọn sí i.

"Èmi sì wà nílé," wọ́n ní. "Dúrójayé, èmi sì wà nílé, o ò sọ fún mi."

Ẹ̀yin ọmọ, mo sunkún ní Rye Lane. Mo sunkún níwájú ṣọ́ọ̀bù ẹja, àwọn èèyàn ń yà mí sílẹ̀ kọjá.

Tèmi ti bá mi wá ìwé tí mo fi ìka kọ yẹn rí lórí fóònù, ó kà á fún mi. Ó ní wọ́n lè lo ojú mi nínú fíìmù tó bá wù wọ́n, wọ́n lè pa mí lọ́nà tó bá wù wọ́n, kò lópin, kódà lẹ́yìn tí èmi gan-an bá ti lọ. Mo ní kó tún un kà. Ó tún un kà, ohun kan náà ló sọ. Bí ẹ bá fẹ́ ṣe iṣẹ́ yìí, ẹ kọ́ ìṣubú dáadáa, ẹ ka ìwé kí ẹ tó fi ìka kàn án, kí ẹ sì sọ fún àwọn ará ilé yín ohun tí ẹ ń ṣe.

Màámi ò béèrè ohun tó wà nínú ìwé kankan. Wọ́n ní iye ìgbà tó bá wu àwọn onífíìmù ni kí wọ́n pa mí lọ́hùn-ún, àwọn ni àwọn ó máa pè mí níbí. Láti ọjọ́ Àìkú, gbogbo àárọ̀ ni wọ́n ń fi ọ̀pá kan ilẹ̀kùn yàrá mi tí wọ́n ń pè. Ìyàwó mi ní kí n máa tètè dáhùn kí òun lè rí oorun sùn. Láàárọ̀ yìí, mo ti jí kí wọ́n tó pe àkọ́kọ́. Mo dákẹ́, mo dúró de ẹ̀kẹta.